Ta Ni Yóò Sọ Pé Pẹ̀lẹ́?

Fídíò náà kò ju ìṣẹ́jú àáyá 14 lọ. Ọ̀rẹ́ mi kan tá a jọ dàgbà ní Ìjù ló fi í ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú kan. Èkó ni mo wà, n ò tíì dìde lórí ibùsùn. Nínú fídíò yẹn, òjò ti rọ̀, ilẹ̀ ti di ẹrẹ̀. Bàbá kan tó wọ agbádá fẹ́ gba orí pákó kan sọdá gọ́tà. Ó gbé ẹsẹ̀ kan lé e, ó gbé ìkejì, pákó bá yí. Apá rẹ̀ méjèèjì ṣí sílẹ̀ bí apá adìẹ tí wọ́n ń lé. Fìlà ló kọ́kọ́ kó sínú gọ́tà, bàbá náà sì tẹ̀ lé e. Ẹni tó ṣe fídíò yìí ti fi orin sí i, ó sì ti mú kí ìṣubú yẹn padà wá lẹ́ẹ̀mẹta.

Mo rẹ́rìn-ín. Kì í ṣe ẹ̀rín músẹ́ o, ẹ̀rín tó ń mú èèyàn di ikùn mú ni. Ọwọ́ mi tiẹ̀ ti ń wá orúkọ gúrúùpù àwa ará ibiṣẹ́ kí n lè fi í ránṣẹ́ síbẹ̀. Ibẹ̀ ni mo wà tí fìlà yẹn fi kó sínú omi lẹ́ẹ̀kẹta. Mo wá wò ó dáadáa. Èmi ni mo ra aṣọ òfì tí wọ́n fi rán fìlà yẹn. Bàbá mi ni.

Iṣẹ́ mi ni kí n máa kọ sọ́fítíwíà, kí n máa ka nǹkan sì ti wọ̀ mí lẹ́wù. Mo padà lọ kà á. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́sàn-án ni mo fi rẹ́rìn-ín kí n tó mọ ẹni tó ṣubú. Láti ọjọ́ yẹn ni ìṣẹ́jú àáyá mẹ́sàn-án yìí kò ti jẹ́ kí n sinmi. Ẹ wò ó, nǹkan kan ò yí padà nínú fídíò náà. Gọ́tà yẹn náà ni, pákó yẹn náà ni, bàbá yẹn náà sì ni. Bí ẹ̀rín mi bá burú nígbà tí mo ti mọ̀ ọ́n, a jẹ́ pé ó ti burú kí n tó mọ̀ ọ́n. Bí kò bá sì burú tẹ́lẹ̀, kí ló wá sọ ọ́ di ohun ìtìjú? Ṣé ó yẹ ká máa rẹ́rìn-ín ẹni tó ṣubú àbí kò yẹ? Ìbéèrè tí mo fẹ́ ká jọ yẹ̀ wò nìyẹn.

Kí n má purọ́, inú ilé bàbá mi gan-an ni mo ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń rẹ́rìn-ín ìṣubú. Mo ṣì kéré nígbà tí ẹ̀gbọ́n bàbá mi gbé kásẹ́ẹ̀tì fídíò kan bọ̀ láti Èkó. Àwọn fíìmù kéékèèké tí Charlie Chaplin ṣe ló wà nínú rẹ̀. Kò sí ohùn níbẹ̀, àfi dùùrù tó ń dún. Ìyá ìyá mi tí kò gbọ́ ẹyọ gẹ̀ẹ́sì kan lóye gbogbo rẹ̀ ju àwa tá à ń lọ sí ilé ìwé lọ. Bí ọkùnrin onífìlà róbótó yẹn bá yọ̀ ṣubú, bí wọ́n bá ta á nípàá ní ìdí, bí ó bá fi ọ̀pá rẹ̀ kọ́ ẹlòmíì lẹ́sẹ̀, bàbá mi, olùkọ́ tí gbogbo ọmọ ń sá fún, á rẹ́rìn-ín títí omi á fi máa bọ́ lójú rẹ̀.

Irú àwàdà yìí ti wà látìgbà tí sinimá ti dáyé. Ní 1895, àwọn Lumière, tẹ̀gbọ́n tàbúrò ní ilẹ̀ Faransé, ṣe fíìmù kan tí kò tó ìṣẹ́jú kan. Ọkùnrin kan ń bomi rin ọgbà, ọmọ kan wá tẹ rọ́bà omi náà mọ́lẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Omi dá. Ọkùnrin náà yẹ ẹnu rọ́bà wò, ọmọ náà gbẹ́sẹ̀ kúrò, omi bá fọ́n sí i lójú. Ó mú ọmọ náà, ó sì nà án ní ìdí. Ó parí. Ní 1912, Mack Sennett dá ilé iṣẹ́ Keystone sílẹ̀ ní Amẹ́ríkà, níbi tí wọ́n ti ń ṣe àwàdà bẹ́ẹ̀ lọ́pọ̀ yanturu. Ibẹ̀ ni Chaplin ti bẹ̀rẹ̀ fíìmù ní 1914. Ká tó rí 1930, sinimá olóhùn ti gba àyè lọ́wọ́ wọn. Ṣùgbọ́n ẹ wo inú fóònù yín. Ta ló sọ pé ó ti lọ? Khaby Lame, ọmọ Senegal tó dàgbà ní Ítálì, kì í sọ̀rọ̀ nínú fídíò rẹ̀, ojú àti ọwọ́ ló fi ń dáhùn. Síbẹ̀ ní oṣù kẹfà 2022, òun ni ẹni tí èèyàn ń tẹ̀ lé jù lórí TikTok.

Àwọn ọlọ́gbọ́n ti wádìí ohun tó ń pa wá lẹ́rìn-ín. Ní nǹkan bí 400 ọdún sẹ́yìn, Thomas Hobbes, ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ní ohun tó fà á ni pé a ṣàdédé rí i pé a sàn ju ẹlòmíì lọ. Ẹni yẹn wà nílẹ̀, èmi dúró. Henri Bergson, ará Faransé, kọ ìwé kan lórí ẹ̀rín ní 1900. Ó ní kéèyàn tó lè rẹ́rìn-ín, ọkàn rẹ̀ ní láti kú tipiri fúngbà díẹ̀, nítorí àánú àti ẹ̀rín kì í fẹ́ jọ gbé ilé kan. Mo gbà fún Bergson nítorí ohun tó ṣẹlẹ̀ sí mi. Bí mo ṣe mọ fìlà yẹn báyìí ni ọkàn mi jí. Ṣùgbọ́n kò tíì dáhùn ìbéèrè mi. Ó sọ bí ẹ̀rín ṣe ń ṣiṣẹ́, kò sọ bóyá mo jẹ̀bi.

Ìdáhùn tó kọ́kọ́ wá sí mi lọ́kàn ni èyí tí ọ̀pọ̀ nínú yín náà máa fún mi: Chaplin fúnra rẹ̀ ló fẹ́ ṣubú, wọ́n sì sanwó fún un. Bàbá mi kò fẹ́ ṣubú. Ẹni tó bá gbà ká rẹ́rìn-ín òun, ká rín in. Ẹni tí kò bá gbà, ká fi í sílẹ̀.

Ó dára, àmọ́ ó ní ihò. Buster Keaton ni ẹni tó mọ̀ ọ́n ṣubú jù nínú gbogbo wọn. Ọmọdé lásán ni nígbà tí àwọn òbí rẹ̀ ti ń gbé e jù síhìn-ín jù sọ́hùn-ún lórí ìtàgé kí èrò lè rẹ́rìn-ín. Ṣé ọmọ yẹn gbà? Nígbà tó ń ṣe Sherlock Jr., tó jáde ní 1924, omi tú lù ú láti inú páìpù ńlá kan létí ojú irin, ó sì fi ẹ̀yìn ọrùn lu irin. Ó dìde, ó sì ń bá iṣẹ́ lọ. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún ni dókítà tó ya àwòrán egungun rẹ̀ rí i pé ọrùn yẹn ti kán rí. Ìṣubú yẹn ṣì wà nínú fíìmù náà títí dòní, à ń wò ó, à ń rẹ́rìn-ín. Harold Lloyd ńkọ́? Ní 1919, bọ́ǹbù tí wọ́n rò pé ti eré lásán ni bú gbàmù lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì gba àtàǹpàkò àti ìka ìlábẹ̀ rẹ̀ lọ. Ìbọ̀wọ́ tó bo ọwọ́ náà ló wọ̀ nígbà tó ń rọ̀ mọ́ ọwọ́ aago lókè ilé gíga nínú Safety Last! ní 1923.

Yàtọ̀ sí ìyẹn, kí n tó rẹ́rìn-ín, ṣé mo máa ń béèrè bóyá ẹni náà gbà? Nínú ìṣẹ́jú àáyá mẹ́sàn-án yẹn, ó ṣeé ṣe kí n rò pé skit ni. Mi ò rò ó rárá ni. Ẹni tó gbà àti ẹni tí kò gbà, ẹ̀rín kan náà ni mò ń rín wọn.

Ìdáhùn kejì ni pé ká wo ipò. Ẹni tó wà lókè ni ká rẹ́rìn-ín, ká má rín ẹni tó wà nílẹ̀. Ní 1917, Chaplin ṣe The Immigrant, ó sì ta òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń da àwọn àlejò bí ẹran nípàá ní ìdí. Kò sí mẹ̀kúnnù tí inú rẹ̀ kò ní dùn.

Àwa náà ti ń ṣe irú rẹ̀ tipẹ́ kí sinimá tó dé. Ní oṣù kejì ọdún 1826, Hugh Clapperton, ará Scotland tó ń rìnrìn àjò, wà ní Ọ̀yọ́-Ilé. Wọ́n ṣe eré fún òun àti àwọn tó bá a wá ní ààfin. Àpò ni àwọn òṣèré náà wọ̀, ère ńlá kan sì jáde láti inú àpò. Lẹ́yìn náà ni àpò kan bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀ díẹ̀díẹ̀, orí funfun kan yọ, ariwo sọ. Òyìnbó ni! Ó funfun bí ìda, ó rù kan egungun, òtútù ń mú un. Ó ń fín áṣáà, ó ń fi ọwọ́ pa ọwọ́. Nígbà tó máa rìn, ó ń tẹlẹ̀ jẹ́jẹ́jẹ́ bí ẹni tí kò fi ẹsẹ̀ lásán rìn rí. Kò sí pé ó ń sọ̀rọ̀ kankan. Àwọn òǹwòran sì ń yíjú sí àwọn àlejò náà, pé ṣé ẹ rí i pé ó jọ yín? Bí kì í bá ṣe àwàdà tí Keystone máa wá ṣe lẹ́yìn ọdún 86 nìyí, mi ò mọ ohun tí à bá pè é.

Clapperton kọ ọ́ sínú ìwé ìrìn àjò rẹ̀ pé òṣèré náà ṣe é dáadáa gan-an. Ó sì kọ ọ́ pé òun ṣe bí ẹni pé ó dùn mọ́ òun tó bó ṣe dùn mọ́ wọn. Ẹ ṣàkíyèsí o: ó ṣe bí ẹni pé. Ṣé ẹni tó wà lókè ni Clapperton lọ́jọ́ yẹn? Lójú ìtàn, bẹ́ẹ̀ ni, nítorí a mọ ohun táwọn èèyàn rẹ̀ wá ṣe lẹ́yìn náà. Ṣùgbọ́n ní ààfin lọ́jọ́ yẹn, àlejò ni, ọwọ́ onílé ló wà, kò sì pé ọdún méjì lẹ́yìn rẹ̀ tí àìsàn pa á ní Sókótó. Òkè àti ilẹ̀ kì í dúró sójú kan. Bàbá mi ńkọ́? Lójú ọmọ tó mú fóònù, ọ̀gá ni, agbádá ńlá ni, ẹni tó ṣeé ṣe kó ti na bàbá ọmọ náà ní kíláàsì rí. Lójú tèmi, arúgbó tí orúnkún ń dùn ni. Àwa méjèèjì la tọ̀nà. Ìwọ̀n yìí náà kò tó wọ̀n ọ́n.

Èèyàn kẹta tí mo bi léèrè ni Bàbá Sàlá. Ẹ̀yin ọmọ kéékèèké lè má mọ̀ ọ́n dáadáa. Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀, ará Iléṣà, olórí ẹgbẹ́ Aláwàdà. Gbogbo ara rẹ̀ ni àwàdà: awò ojú ràgàjì, táì lábalábá tó fẹ̀ ju ọrùn lọ, ṣòkòtò tó dà bíi pé ẹlòmíì ló ni ín. Kó tó la ẹnu, ilé ti ń wó fún ẹ̀rín. Ní 1982, ó gbé fíìmù Ọ̀run Móorú jáde, Ọlá Balógun ló darí rẹ̀. Ó rọ owó sí i. Àwọn kan jí fíìmù náà, wọ́n dà á kọ kásẹ́ẹ̀tì, wọ́n ń tà á káàkiri. Gbèsè ńlá ló já sí fún un.

Ẹ jẹ́ ká ronú lórí èyí. Ẹni tó wo kásẹ́ẹ̀tì olè yẹn nílé rẹ̀ rẹ́rìn-ín ẹni tó gbà ká rẹ́rìn-ín òun, kò sì fi mẹ̀kúnnù kankan ṣẹ̀sín. Ìdáhùn àkọ́kọ́ dá a láre, ìkejì náà dá a láre. Síbẹ̀, bó ṣe ń rẹ́rìn-ín Bàbá Sàlá tó ń ṣubú nínú fíìmù ni Moses Ọláìyá ń ṣubú lóòótọ́ níta. Ohun tó kù fún un kì í ṣe àṣẹ láti rẹ́rìn-ín, ohun tó jẹ ẹni tó pa á lẹ́rìn-ín ni kò san. Ibí yìí ni mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í rí ọ̀nà: ẹ̀rín ní gbèsè. Ó lè jẹ́ owó, ó lè jẹ́ ọwọ́ tá a nà, ó lè jẹ́ ọ̀rọ̀ kan péré.

Ọ̀rọ̀ yẹn kò ṣòro, a ti ní in tẹ́lẹ̀. Bí ẹnì kan bá fi ẹsẹ̀ kọ níwájú wa, kí la máa ń sọ? Pẹ̀lẹ́. Kì í ṣe àwa la gbé òkúta síbẹ̀, a ò sì tọrọ àforíjì. A kàn ń jẹ́ kó mọ̀ pé a rí i, pé èèyàn ni, pé ara ta á. Ẹ̀rín àti pẹ̀lẹ́ kò sì bá ara wọn jà bí Bergson ṣe rò. Mélòó nínú wa ni ìyá wa ti gbé dìde tí ó ń sọ pé “pẹ̀lẹ́, pẹ̀lẹ́ ọkọ mi,” tí èjìká rẹ̀ sì ń mì fún ẹ̀rín? Ọkàn lè kú tipiri, bó bá ti tètè jí.

Báwo wá ni wọ́n ṣe ń sọ pẹ̀lẹ́ nínú fíìmù tí kò lóhùn? Mo tún wo One Week, fíìmù kékeré tí Keaton ṣe ní 1920, bí ogún ìṣẹ́jú ni. Wọ́n fi ilé tí wọ́n tú sínú àpótí ta tọkọtaya tuntun lọ́rẹ. Nọ́ńbà ara àpótí kọ̀ọ̀kan ni wọn yóò fi tò ó. Ọkùnrin tí ìyàwó náà kọ̀ sílẹ̀ wá lọ yí nọ́ńbà àwọn àpótí náà padà. Ẹni tó bá ti kọ kóòdù rí mọ ìyà yẹn! Ilé jáde wọ́gọwọ̀gọ, ìjì dé ó ń yí bí òkòtó, níkẹyìn ọkọ̀ ojú irin fọ́ ọ túútúú. Kí ni Keaton ṣe? Ó gbé pátákó “Títà” lé àwókù náà, ó fi ìwé bí wọ́n ṣe ń tò ó há a, ó di ọwọ́ ìyàwó rẹ̀ mú, wọ́n lọ.

Ó dìde. Nínú gbogbo fíìmù wọ̀nyí, ẹni tó ṣubú máa ń dìde, ó máa ń gbọn eruku nù, ó máa ń rìn lọ. Wọ́n jẹ́ ká rí i. Ibẹ̀ ni pẹ̀lẹ́ wà.

Fídíò bàbá mi dúró síbi tí omi ti ta. Ó sì yẹ kí n mọ ìdí rẹ̀ ju ẹnikẹ́ni lọ. Níbi tí mo ti ṣiṣẹ́ rí, wọ́n ní kí n kọ kóòdù tí yóò máa wá ibi tó gbóná jù nínú fídíò, tí yóò gé e síbẹ̀, kí òmíràn sì tètè bẹ̀rẹ̀. Mo kọ ọ́, ó ṣiṣẹ́ dáadáa. Bí èèyàn bá ti ṣubú, àwọn òǹwòran kì í dúró wo bó ṣe ń dìde, nítorí náà kóòdù mi gé dídìde kúrò. Èmi kọ́ ni mo gé fídíò bàbá mi, ṣùgbọ́n mo mọ ọ̀bẹ yẹn, mo ti pọ́n irú rẹ̀ rí.

Mo pe bàbá mi. Mi ò tíì kí i tán tó fi ní, “Ṣé o ti wo fíìmù mi?”

Mo ní, “Ẹ pẹ̀lẹ́ sà. Ṣé ẹ ò fara pa?”

“Orúnkún bó díẹ̀. Mo yọ agbádá, mo fọ ẹsẹ̀, mo sì dé ibi òkú yẹn kí wọ́n tó pín oúnjẹ.”

Mo bi í bóyá inú ń bí i. Ó dákẹ́ díẹ̀. Ó ní, “Ìyẹn tí wọ́n fi rẹ́rìn-ín kò dùn mí. Nígbà tí mo rí fìlà mi tó ń léfòó, èmi náà rín in. Ohun tó dùn mí ni pé ọwọ́ méjì ni ọmọ yẹn ní, méjèèjì ló sì fi di fóònù mú.”

Mi ò jẹ́wọ́ ìṣẹ́jú àáyá mẹ́sàn-án tèmi fún un. Ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Àmọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀ ló tú u fún mi. Ẹ̀rín àkọ́kọ́ yẹn dà bí èémí tó sín mi, mi ò rò pé mo jẹ̀bi rẹ̀. Ẹ̀bi mi bẹ̀rẹ̀ níbi tí ọwọ́ mi ti ń wá gúrúùpù, tí mo fẹ́ fi ìṣubú ẹnì kan ránṣẹ́ láìbéèrè bóyá ó dìde. Gbèsè yẹn ti wà lọ́rùn mi kí n tó mọ̀ pé bàbá mi ni. Bí mo ṣe mọ̀ ọ́n kò dá gbèsè sílẹ̀, ó kàn jẹ́ kí n rí i ni. Bàbá ẹnì kan ni gbogbo ẹni tó ń ṣubú.

Àwọn àgbà ní bí ọmọdé bá ṣubú, a wo iwájú. Bí àgbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Ọmọdé ń wo ẹni tó máa gbé e, àgbà ń wo ohun tó gbé e ṣubú. Nígbà tí mo délé fún Kérésì, mo lọ wo gọ́tà yẹn. Gbogbo Ìjù ló fẹ́rẹ̀ẹ́ rí fídíò náà tán, síbẹ̀ pákó yẹn ṣì wà níbẹ̀, ó ṣì ń mì. Èmi àti àwọn ọmọ àdúgbò méjì gbé e kúrò, a fi pákó méjì tó nípọn rọ́pò rẹ̀, a kàn án mọ́ igi ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì. Bí a ṣe ń ṣe é, ọ̀kan nínú wọn yọ̀, ó fi ìdí jókòó sínú ẹrẹ̀ pọ̀ọ́. A rẹ́rìn-ín, òun náà rẹ́rìn-ín. Mo sọ òòlù sílẹ̀, mo na ọwọ́ sí i.